Òṣùwọ̀n Ìyá Mi

Ohùn ìyá mi máa ń dùn nídìí òṣùwọ̀n. Bí ẹni tó wá ta irin àlòkù bá ti gbé ẹrù rẹ̀ lé e, tí ọwọ́ òṣùwọ̀n gbọ̀n títí tó fi dúró, ìyá mi á fa nọ́ńbà náà bí orin pé, "Ó di mẹ́tàlélógún o," á sì wo ojú onítọ̀hún bí ẹni tó ń kí i kú oríire. Àwọn oníbàárà rẹ̀ máa ń rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní lọ́dọ̀ Ìyá Onírin, bí ẹrù ẹni kò bá tilẹ̀ wúwo, ọkàn ẹni á fúyẹ́.

Inú àgbàlá yẹn ni mo dàgbà sí, láàárín ilẹ̀kùn mọ́tò tí kò ní mọ́tò mọ́, fíríìjì tí wọ́n ti yọ gbogbo inú rẹ̀, àti rímù kẹ̀kẹ́ tí wọ́n so kọ́ káàkiri bí òṣùpá tó pọ̀ jù. Tí òjò bá rọ̀ tán, òórùn ibẹ̀ máa ń dà bí ìgbà tí ènìyàn bá gé ahọ́n ara rẹ̀ jẹ. Bàbá mi ti kú kí n tó dá ojú rẹ̀ mọ̀. Èmi àti ìyá mi nìkan la wà níbẹ̀, pẹ̀lú òṣùwọ̀n ńlá náà lẹ́nu ọ̀nà, tí ìyá mi ń fi aṣọ nù láràárọ̀ kó tó bọ́jú ara rẹ̀.

Irin ni Kóòṣì wá rà lọ́dọ̀ wa lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ rí mi. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ ilé ìkẹ́rùsí àtijọ́ kan lẹ́yìn ọgbà àwọn mẹkáníìkì di ilé ìdánrawò fún àwọn akànṣẹ́, ó sì ń wá ohun tí wọn yóò máa gbé. Mo wà lẹ́yìn, mo ń lu àpò àkísà kan tí wọ́n so mọ́ ara àfọ́kù lọ́rì. Ó dúró, ó ń wò mí.

"Ta ló kọ́ ọ?"

"Kò sẹ́ni tó kọ́ mi."

"Kí wá ni àpò yẹn fi ṣe ọ́?"

"Ó dí mi lọ́nà."

Ó rẹ́rìn-ín, ó yíjú sí ìyá mi. "Màmá, mo ti mú irin roboto méjì yìí. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi ọmọ yìí ṣe ènì fún mi."

"Èmi kì í fi ènì sọ́jà," ni ìyá mi wí. "Bi gbogbo ènìyàn."

Irin méjì náà wá láti gbọ̀ngàn eré ìdárayá kan tí wọ́n ti wó. Ìyá mi kò tilẹ̀ wo ọ̀dọ̀ òṣùwọ̀n nígbà tó ń tà wọ́n. Ó ní kí ni ìdí tí òun á fi wọ̀n wọ́n, ṣebí wọ́n ti kọ ìwọ̀n wọn sí wọn lára. Òótọ́ sì ni. Wọ́n gbẹ́ ogún kílò sí ojú ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn, gbígbẹ́ náà jinlẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi lè ti ìka bọ̀ ọ́. Èmi ni mo bá Kóòṣì gbé ọ̀kan lọ, mi ò sì padà sílé títí ilẹ̀ fi ń ṣú. Báyìí ni mo ṣe di ènì Kóòṣì.

Ìjà mi àkọ́kọ́, wọ́n fọ̀ mí bí aṣọ ìdọ̀tí. Ọmọbìnrin tó fọ̀ mí náà ló tún wá bá mi wá omi tí mo fi ṣan ẹnu. Lẹ́yìn ìyẹn ni Kóòṣì wí fún mi pé ọwọ́ òsì mi tẹ́ẹ́rẹ́, ó sì gùn, kí n jẹ́ kó máa gún wọn níwájú orí, kí n má sì dúró gbọ́ èsì. Mo gbọ́ tirẹ̀. Kò pẹ́ tí àwọn òǹwòran fi ń pariwo láti ẹ̀yìn pé, "Abẹ́rẹ́, tún un gún," orúkọ náà sì lẹ̀ mọ́ mi. Mo gba adé orílẹ̀-èdè, mo tún un gbà, mo sì gbà á lẹ́ẹ̀kẹta. Lọ́dọ̀ àwa tí a kì í jà fún owó, àmì-ẹ̀yẹ la ń gbà, àti ọwọ́ ẹni tí wọ́n bá gbé sókè. Ó tó mi. Tí mo bá ti wọ inú okùn, ariwo gbọ̀ngàn á lọ sọ́nà jíjìn bí ìgbà tí ẹnìkan bá ti ilẹ̀kùn yàrá kejì. Á wá ku èmi àti ẹni iwájú mi, tí a jọ ń bi ara wa ní ìbéèrè tí irọ́ kò lè dáhùn.

Ìyá mi kò wá wo ìjà mi rí. Ó ní òun kò lè jókòó kí òun máa wò wọ́n bí wọ́n ṣe ń lu ohun tí òun fi ọwọ́ ara òun wẹ̀ láti kékeré. Àmọ́ gbogbo àmì-ẹ̀yẹ mi ló gbà lọ́wọ́ mi, ó fi ìṣó kọ́ wọn mọ́ ògiri lókè òṣùwọ̀n. "Ọmọ mi nìyẹn," á sọ fún àwọn tó bá gbé irin wá. "Ẹni tó bá ní ẹjọ́ pẹ̀lú òṣùwọ̀n mi, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni kó kọ́kọ́ gbà kọjá." Wọn á rẹ́rìn-ín, wọn á sì gba ohun tí òṣùwọ̀n bá fún wọn.

Ọgọ́ta kílò ni mò ń jà. Ẹni tó bá fi díẹ̀ lé ọgọ́ta láàárọ̀ ọjọ́ ìjà kò ní wọ inú okùn, ìbáà jẹ́ òun ló ni ìlú. Gbogbo akànṣẹ́ ló mọ̀ pé ẹnu ara ẹni la kọ́kọ́ ń bá jà. Ní gbogbo ọ̀sẹ̀ tó bá kángun sí ìdíje, mi ò ní fẹnu kan iyọ̀, omi á sì di ohun tí mò ń fi ètè tọ́ wò. Mo máa ń lá àlá odò, odò gbọọrọ tó ń gba àárín àgbàlá wa kọjá, tí àwọn ilẹ̀kùn mọ́tò ń léfòó lórí rẹ̀. Tí mo bá jí, ahọ́n mi á ti lẹ̀ mọ́ òkè ẹnu.

Lọ́dún tí mò ń sọ yìí, ìdíje náà ju ìdíje lọ. Wọ́n ní ẹni tó bá gba adé ni wọn yóò mú lọ sókè òkun láti ṣojú orílẹ̀-èdè, irú rẹ̀ kò sì ní tún wáyé fún ọdún mẹ́rin. Mi ò wọ ọkọ̀ òfuurufú rí. Nínú ọkàn mi, mo ti jókòó lẹ́bàá fèrèsé rẹ̀ tipẹ́tipẹ́, mo ti wo ìkùukùu láti òkè, mo sì ti rí i pé kò yàtọ̀ sí òwú. Ẹni kan ṣoṣo tí a óò jọ du adé náà, mo ti nà án lẹ́ẹ̀mejì.

Ó ku bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni Ẹfọ̀n, akànṣẹ́ tó tóbi jù nínú wa, fò sókè sórí òṣùwọ̀n Kóòṣì, ó fẹ́ jó fún wa pé òun ti jò. Òṣùwọ̀n náà ké lẹ́ẹ̀kan, kò sì sọ̀rọ̀ mọ́.

Kóòṣì wo òṣùwọ̀n, ó wo Ẹfọ̀n. "Ìwọ àti ta lẹ jọ jò?"

Ó wá yíjú sí mi. Nínú gbogbo wa, èmi nìkan ni mò ń lọ sí ìdíje náà. "Ṣebí òṣùwọ̀n ló kún ilé yín? Ibẹ̀ la ó ti máa wọ̀n ọ́."

A jọ lọ bá ìyá mi nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. Kẹrosíìnì ló fi ń fọ gírísì kúrò lọ́wọ́. Lórí apá ọmọlanke rẹ̀ ni bàbá arúgbó kan jókòó sí, ẹni tí gbogbo àdúgbò ń pè ní Bàbá Ọlọ́mọlanke. Kí n tó mọ ìrìn ló ti ń gbé irin wá fún ìyá mi, orí ọmọlanke yẹn ló sì máa ń gbé mi sí nígbà èwe mi tí irin bá ti kúrò níbẹ̀. Nígbà tí Kóòṣì sọ ohun tó bá wa wá, ọwọ́ ìyá mi dúró nínú abọ́.

"Òṣùwọ̀n irin ni," ó wí. "Kì í ṣe ti ènìyàn."

Kóòṣì rẹ́rìn-ín. "Màmá, kílò ni kílò. Ọmọ yín náà kúkú le bí irin."

"Mo ní òṣùwọ̀n irin ni."

"Ẹ wọ̀n ọ́n, Ìyá Onírin," ni Bàbá Ọlọ́mọlanke wí, "kí ẹ sì rà á. Irin gidi lèyí, kò dípẹtà."

Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Ìyá mi ń nu ọwọ́ rẹ̀, ó ń nù ún, ó sì pẹ́ kó tó dáwọ́ dúró.

"Ó dáa," ó ní.

Láti ọjọ́ kejì ni mo ti ń gun òṣùwọ̀n náà láràárọ̀. Mo rò pé mo ṣì ní nǹkan bíi kílò méjì tí n óò sọ̀ kalẹ̀, ṣùgbọ́n ọwọ́ òṣùwọ̀n dúró gélé lórí ọgọ́ta. Mo sọ̀ kalẹ̀, mo tún gùn ún. Ọgọ́ta. Nígbà tí mo sọ fún Kóòṣì, ó gbá mi lẹ́yìn. "Àgbà ti ń dé sí ọ lára. Ara rẹ ti wá mọ ohun tí à ń fẹ́ kó tó di pé a bẹ̀ ẹ́." Inú mi dùn. Lọ́dún yẹn, mi ò lá àlá odò.

Ohun kan ṣoṣo ló ń yà mí lẹ́nu. Ìyá mi tó máa ń kọrin nọ́ńbà fún àjèjì, kò pe tèmi rí. Tí mo bá ti gùn ún, á kọ ẹ̀yìn sí mi, á máa ṣa bọ́ọ̀tù sínú agolo.

"Màámi, ẹ pe tèmi náà," mo fi bá a ṣeré lọ́jọ́ kan.

"Ṣé o ò lójú ni?" ó ní.

Tí mo bá sọ̀ kalẹ̀, á gbé oúnjẹ síwájú mi, ìrẹsì àti ẹyin, á bu omi tì í. Nígbà mìíràn ọwọ́ rẹ̀ á dúró lórí ìdérí abọ́, bí ẹni tó fẹ́ dé e padà.

"Ṣé kò pọ̀ jù báyìí?"

"Òṣùwọ̀n ní kò pọ̀ jù."

Á wá ká ọwọ́ rẹ̀ kúrò.

Gbọ̀ngàn ìdíje náà wà nílùú mìíràn. A débẹ̀ láàárọ̀, mo ti jẹ búrẹ́dì tí ìyá mi dì fún mi nínú ọkọ̀. Wọ́n gbé òṣùwọ̀n ìdánwò kan sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, àwọn ọmọbìnrin tò sídìí rẹ̀ pẹ̀lú ètè gbígbẹ, ọ̀kan ń tutọ́ sínú ike. Mo kọjá lára wọn bí ẹni tó ní ilé. Nínú yàrá, obìnrin onígíláàsì kan jókòó ti òṣùwọ̀n tó ń fi iná pupa kọ nọ́ńbà. Mo gùn ún, mo ti ń rẹ́rìn-ín sí i.

"Ọgọ́ta lé méjì," ó ní.

Mo sọ̀ kalẹ̀, mo tún gùn ún. Mo yọ yẹtí. Wọ́n fi aṣọ bò mí, mo bọ́ gbogbo ohun tó wà lára mi. Iná pupa náà kò yí ọ̀rọ̀ rẹ̀ padà.

"Ẹ yẹ òṣùwọ̀n yín wò," Kóòṣì wí fún un.

Obìnrin náà kò bínú. Ó gbé irin kan tí wọ́n kọ ogún sí lára, ó gbé e lé e. Ogún ni iná náà kọ. Ó gbé e kúrò. "Ẹ ní àkókò títí a ó fi pa òṣùwọ̀n," ó sọ fún mi, pẹ̀lú ohùn ẹni tó ti sọ ọ́ fún ọ̀pọ̀ ọmọ ọlọ́mọ.

Mo wọ ọ̀rá sínú kí òógùn lè dà, mo wọ jákẹ́ẹ̀tì Kóòṣì lé e, mo ń sáré yí ibi tí wọ́n ń gbé mọ́tò sí ká nínú oòrùn. Mo tutọ́ títí ẹnu mi fi gbẹ. Òógùn ń dún nínú bàtà mi bí ẹni tó ń rìn nínú ẹrẹ̀. Gbogbo ìrẹsì tí mo jẹ, gbogbo omi tí mo mu, mò ń rántí wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, àti ọwọ́ tó ń ká kúrò lórí ìdérí. Nígbà tí wọ́n pè mí wọlé, ó ṣì lé ní kílò kan. Obìnrin náà bọ́ gíláàsì rẹ̀, ó nù ún, ó sì pa iná náà.

Ọmọbìnrin tí mo ti nà lẹ́ẹ̀mejì jókòó sórí bẹ́ǹṣì, ó ń jẹ ọsàn. Ó dìde fún mi. "Àǹtí Abẹ́rẹ́, ẹ pẹ̀lẹ́," ó ní. Ká ní ó fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni, ì bá sàn fún mi. Nígbà tó kan ìjà wa, òun nìkan ló wọ inú okùn, wọ́n sì gbé ọwọ́ rẹ̀ sókè láìsí ẹni tó fọwọ́ kàn án.

Kóòṣì kò jókòó tì mí nínú ọkọ̀ tí a bá padà. Ó wà níwájú, kò sì yíjú wẹ̀yìn nígbà tó sọ̀rọ̀.

"O jẹun."

"Èyí tí òṣùwọ̀n gbà mí láyè ni mo jẹ."

"Òṣùwọ̀n ìyá rẹ ló wá fi ṣíbí sí ọ lẹ́nu?"

Mi ò mọ̀ nígbà yẹn pé ó ti bá oníròyìn sọ̀rọ̀. Inú rédíò awakọ̀ ni mo ti gbọ́ ohùn rẹ̀, tí ó ń sọ fún gbogbo ayé pé ọmọ náà mọ ìjà o, ṣùgbọ́n kò lè kó ẹnu ara rẹ̀ níjàánu, pé kílò méjì gbáko ló fi lé. Awakọ̀ náà ń mi orí sí i. Kóòṣì tí a jọ gbọ́ ọ ń wo ìta láti fèrèsé. Àpò mi wà lórí ẹsẹ̀ mi, ìbọ̀wọ́ tí mi ò lò wà nínú rẹ̀, mo sì di okùn àpò náà mú bí ẹni tí ọkọ̀ rẹ̀ ń rì.

Nígbà tí mo dé àdúgbò, àwọn mẹkáníìkì ti gbọ́. Ọ̀kan nínú wọn nà jáde lábẹ́ mọ́tò. "Abẹ́rẹ́ ti sanra," ó ní, "ó ti di ìṣó." Wọ́n rẹ́rìn-ín, mo sì kọjá.

Ìyá mi wà lẹ́nu ọ̀nà. Mo rò pé yóò gbá mi mọ́ra. Ó wo ojú mi, ó wo ilẹ̀.

"Wọn ò gba ẹ̀bẹ̀?" ó bi mí.

Mo rò pé ọ̀rọ̀ ìyá ni, irú èyí tí kò ní ìtumọ̀ púpọ̀. Mo wọlé, mo sùn. Àmọ́ ìbéèrè náà kò sùn. Kò bi mí bóyá mo jẹun. Kò bi mí bí ó ṣe ṣẹlẹ̀.

Bí ilẹ̀ ṣe mọ́, mo lọ kó ẹrù mi nílé ìdánrawò kí Kóòṣì tó dé. Irin roboto méjì náà wà nílẹ̀ lẹ́bàá ògiri, níbi tí wọ́n ti wà láti ìgbà tí mo ti di ènì. Mo ti ìka bọ ibi tí wọ́n gbẹ́ ogún sí, mo sì rántí obìnrin onígíláàsì. Mo gbé ọ̀kan lé èjìká, mo gbé e délé, mo gbé e sórí òṣùwọ̀n ìyá mi. Ọwọ́ òṣùwọ̀n gbọ̀n, ó sì dúró kí ó tó dé ogún.

Díẹ̀ ló kù kó dé ibẹ̀. Mo sọ fún ara mi pé bóyá ìpẹtà ti jẹ irin náà. Ǹ bá gba ìpẹtà yẹn gbọ́ títí di òní. Mo padà lọ gbé èkejì.

Ogójì ló yẹ kí méjèèjì jẹ́. Òṣùwọ̀n ní méjìdínlógójì ó lé díẹ̀. Mo dúró tì í, mò ń wò ó, títí mo fi gbọ́ ẹsẹ̀ ìyá mi. Aṣọ tó fi ń nu òṣùwọ̀n wà lọ́wọ́ rẹ̀.

"Màámi, kí ni wọ́n kọ sí ara irin yìí?"

Kò wò ó. "Èmi ni mo tà á."

"Kí ni òṣùwọ̀n ní?"

"Gbé wọn sọ̀ kalẹ̀. Àwọn ènìyàn ti ń bọ̀."

"Láti ìgbà wo?"

"Bí bàbá rẹ ṣe fi í sílẹ̀ nìyẹn." Ó ká aṣọ náà sí méjì, ó ká a sí mẹ́rin. "Nọ́ọ̀tì kan wà lẹ́yìn rẹ̀. Gbogbo onírin ló ń yí i. Àwọn tó ń gbé irin wá náà ń ki yanrìn sínú páìpù fún mi. A jọ ń fi ara wa jẹun ni."

"Èmi ò ki yanrìn sínú ara mi."

Ó jókòó sórí táyà. "Mo sọ fún yín pé òṣùwọ̀n irin ni."

"Ẹ sọ ọ́ fún Kóòṣì nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan. Àràárọ̀ ni mò ń gùn ún. Ẹ ń bu ìrẹsì fún mi."

"Tí mo bá sọ fún ọ, o ò ní fi pamọ́ fún Kóòṣì. Kóòṣì ò sì lẹ́nu tó ń padé. Kó tó di ọ̀sán, kò ní sí ẹni tó máa gbé irin wá síbí mọ́."

"Ẹ lè kàn sọ pé kí n dín oúnjẹ kù."

"Mo rò ó. Lójoojúmọ́ ni mo rò ó." Ó ń bá aṣọ náà sọ̀rọ̀, kò bá mi sọ̀rọ̀. "Mo wá wò ó pé kílò méjì. Kí ni kílò méjì? Ẹni tó bá bẹ̀ mí dáadáa níbí, mò ń fi jù bẹ́ẹ̀ lọ sílẹ̀ fún un. Mo ní tí ẹ bá débẹ̀, wọ́n á rí i pé ìwọ ni, Kóòṣì á dọ̀bálẹ̀, wọ́n á yọ ọ́."

"Òṣùwọ̀n ni, Màámi."

"Òṣùwọ̀n wo la kì í bẹ̀?"

Mo wo ojú rẹ̀. Kò fi ṣe àwàdà, kò sì fi ṣe àwáwí. Gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ ló ti lò nídìí òṣùwọ̀n, kò sì tíì rí èyí tó ń sọ òótọ́ rí. Mo gbé àwọn irin náà sọ̀ kalẹ̀, mo fi wọ́n ti ògiri. Ohun tí mo fẹ́ ṣe nígbà yẹn ni kí n wọlé, kí n sì dákẹ́. Kí n má purọ́ fún Ọlọ́run, bẹ́ẹ̀ ni mo fẹ́ ṣe.

Ọmọlanke ti ń dún lójú ọ̀nà. Bàbá Ọlọ́mọlanke ló ṣáájú, àwọn oníbàárà bíi mélòó kan tẹ̀ lé e pẹ̀lú àpò lórí, mẹkáníìkì tó sọ mí ní ìṣó náà sì gbé rádíétọ̀ àlòkù kan bọ̀. Bàbá náà fi ọmọlanke rẹ̀ lélẹ̀, ó sì wá dúró síwájú mi.

"Ọmọ mi, pẹ̀lẹ́. Mo gbọ́ ọ nínú rédíò, oúnjẹ ò lọ lọ́nà ọ̀fun mi." Ó fọwọ́ pa irùngbọ̀n. "Ọ̀rọ̀ kan ló ń rú mi lójú. Mo débí ní kùtùkùtù ọjọ́ tí o lọ. Mo rí ọ lórí òṣùwọ̀n yìí. Ọgọ́ta ni mo rí, ojú mi ò sì tíì fọ́. Rédíò wá ní ọgọ́ta lé méjì. Báwo ló ṣe jẹ́?"

Kò fẹ̀sùn kan ẹnikẹ́ni. Ó kàn fẹ́ mọ̀ ni, bí ẹni tó fẹ́ràn mi. Àwọn tó kù sún mọ́ wa láti gbọ́. Mi ò tíì la ẹnu nígbà tí ìyá mi dìde lórí táyà.

"Búrẹ́dì ni," ó ní. "Inú ọkọ̀ ló ti jẹ ẹ́. Ẹ ò mọ ọmọ yìí ni? Tó bá ti rí oúnjẹ, ojú rẹ̀ kì í rí nǹkan mìíràn mọ́."

Mẹkáníìkì bú sẹ́rìn-ín. "Búrẹ́dì oníkílò méjì. Ẹ bá mi wá ilé ẹni tó ń ṣe é."

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ìyá mi náà rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín tó ń fún àwọn oníbàárà, ó sì yí i sí ọ̀dọ̀ mi kí n bá a gbà á. Àwọn àmì-ẹ̀yẹ mi ń dán lókè orí rẹ̀. Wọ́n ti nà mí lójú, wọ́n ti nà mí nímú, ẹnìkan ti fi ìgbọ̀nwọ́ gé mi lókè ojú rí. Kò sí èyí tó bá mi níbi tí ẹ̀rín yẹn ti bá mi.

Mo gbé irin kan kúrò lára ògiri, mo gbé e sórí òṣùwọ̀n. Mo gbé èkejì lé e. Ọwọ́ òṣùwọ̀n gbọ̀n, ó gbọ̀n, ó dúró.

"Màámi," mo ní, "ẹ pè é."

Kò pè é. Bàbá Ọlọ́mọlanke sún mọ́ ọn. Ó ti ìka rẹ̀ tó wú bọ ibi tí wọ́n gbẹ́ ogún sí lára ti òkè, ó gbé e díẹ̀, ó fọwọ́ wá ti ìsàlẹ̀ náà. Ó gbé ojú sókè wo ọwọ́ òṣùwọ̀n, ó sì wò ó fún ìgbà pípẹ́, bí ẹni tó ń wo ojú ọ̀nà jíjìn tí òun fúnra rẹ̀ ti rìn.

"Ó dín," ó ní.

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín mọ́. Mẹkáníìkì gbé rádíétọ̀ rẹ̀ padà sí èjìká. Obìnrin kan tó ti sọ àpò kalẹ̀ tún un gbé.

"Ìyá Onírin," ni Bàbá Ọlọ́mọlanke wí, ohùn rẹ̀ kò sì ga, "orí ọmọlanke mi ni ọmọ yìí ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń jókòó." Ó di ọwọ́ ọmọlanke rẹ̀ mú, ó sì yí i padà.

Ìyá mi kò wò wọ́n bí wọ́n ṣe ń lọ. Èmi ló ń wò.

"O ti tà mí," ó ní.

"Ẹ̀yin lẹ kọ́kọ́ gbé mi sórí òṣùwọ̀n."

Ó na ọwọ́ sókè bí ẹni tó fẹ́ já àwọn àmì-ẹ̀yẹ náà kúrò lára ìṣó, ṣùgbọ́n ọwọ́ náà dúró sí agbede méjì, ó sì sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í nu òṣùwọ̀n. Àwọn irin mi ṣì wà lórí rẹ̀, ó ń nù ún yí wọn ká.

Ẹrù Bàbá Ọlọ́mọlanke wúwo, ọ̀nà ọ̀dọ̀ onírin kejì sì jìn, òkè ni púpọ̀ rẹ̀. Mo lọ sẹ́yìn ọmọlanke náà, mo fi èjìká tì í. Kò ní kí n má wá. Nígbà tí a dé ibi tí ilẹ̀ ti tẹ́jú, ó ní tó bá rẹ̀ mí, kí n gorí ọmọlanke bí ìgbà èwe.

"Mo ti wúwo jù," mo ní.

"Mélòó?"

Mo sọ fún un, nọ́ńbà iná pupa gan-an. Ó mi orí. Ó ní òun ti gbé èyí tó ju ìyẹn lọ.

A ń lọ. Mo ń tẹ́tí sẹ́yìn bóyá n óò gbọ́ ohùn ìyá mi, bóyá ẹnìkan ti tún gbé nǹkan lé òṣùwọ̀n náà tí ó sì ń kọrin rẹ̀. Ariwo táyà ọmọlanke nìkan ni mo gbọ́.